Kútì Wo Ni? Ìwé Ìtàn Ìgbésí-Ayé Àwọn Olórúkọ Kan Náà ní Abẹ́òkúta

Ohun tó fa àpilẹ̀kọ yìí kò ju ìwé ìdánwò kan ṣoṣo lọ. Ní ọdún kan tí àwa olùkọ́ mélòó kan péjọ láti máàkì iṣẹ́ àwọn ọmọ tó ń ṣe ìdánwò àṣejáde, a ní kí wọ́n kọ àròkọ lórí ìgbésí-ayé ọmọ Ẹ̀gbá kan tí wọ́n fẹ́ràn. Ọmọ kan mú Ransome-Kuti. Èdè ọmọ náà já gaara, àmì ohùn rẹ̀ pé, ó sì mọ ibi tó yẹ kí ó ti pín ọ̀rọ̀ sí ìpínrọ̀. Ṣùgbọ́n ọkùnrin tí ó ń ròyìn rẹ̀ ni a bí ní Abẹ́òkúta ní 1855. Ó di alùfáà. Ó lọ sí London, ó kọ orin sínú àwo rẹ́kọ́ọ̀dù níbẹ̀ ní 1922. Ó ṣe ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́ Abẹ́òkúta Grammar School. Ó fẹ́ Fúnmiláyọ̀ tó kó àwọn obìnrin lọ sí ààfin Aláké. Ó jẹ́ Mínísítà Ètò Ìlera fún gbogbo Nàìjíríà. Àwọn ológun dáná sun ilé rẹ̀. Ó sì kú ní 1997. Bí a bá ṣírò ọjọ́ orí rẹ̀, ọdún 142 ni bàbá yìí lò láyé, ó sì ku díẹ̀ kó dákẹ́ tó ṣì ń fọn fèrè.

A kọ́kọ́ rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn ẹ̀rín, àríyànjiyàn bẹ̀rẹ̀. Ẹnìkan nínú wa ní òdo ni kí a fún un lórí kókó ọ̀rọ̀, nítorí pé ènìyàn mẹ́rin ló dì pọ̀ mọ́ra wọn. Ẹlòmíràn ní èdè Yorùbá ni a ń dán àwọn ọmọ wò, a kò dán wọn wò lórí ìtàn ìlú. Màmá kan tó ti ń máàkì kí púpọ̀ nínú wa tó gba ìwé ẹ̀rí olùkọ́ ló wá béèrè pé, "Ìwé Yorùbá wo lẹ ní kí ọmọ yìí kà, tí kò kà?" Kò sẹ́ni tó dá wọn lóhùn.

Ìbéèrè màmá yìí ni a gbé yẹ̀ wò níbí. Ìdílé kan ṣoṣo, ìdílé Kútì ní Abẹ́òkúta, ni a fi ṣe àpẹẹrẹ, nítorí pé a kò mọ ìdílé Ẹ̀gbá mìíràn tí ìwé tí a kọ lórí wọn pọ̀ tó báyìí, tí orúkọ kan náà sì ń bọ̀ lára ènìyàn lẹ́yìn ènìyàn. Ohun tí a fẹ́ sọ ni pé àṣìṣe ọmọ náà kì í ṣe àṣìṣe ìtàn lásán. Bí a ṣe ń fi èdè Yorùbá tọ́ka sí ènìyàn ló ti ṣẹ̀ wá, ìyẹn sì jẹ́ iṣẹ́ tiwa gan-an.

Àwọn tó ń jẹ́ ẹ

Ẹni àkọ́kọ́ tí ìwé mọ̀ dáadáa ni Josiah Jesse. Ìgbẹ̀in ni a bí i sí ní oṣù Kẹfà ọdún 1855. Líkóyè Kútì ni bàbá rẹ̀. Ìyá rẹ̀ ti gba ìgbàgbọ́. Ó kàwé ní ilé-ẹ̀kọ́ àwọn ìjọ C.M.S., ó parí ní 1876, ó sì wá ṣe olùkọ́ ní ilé-ẹ̀kọ́ St. Peter's, Aké. Ní 1879 ó lọ sí Èkó láti kọ́ àwọn ọmọbìnrin ní orin ní ilé-ẹ̀kọ́ ìjọ náà. Ó di díákónì ní 1895, ó di àlùfáà ní 1897, ó di olùṣọ́-àgùntàn ìjọ St. Peter's ní Aké ní 1911, ó sì di Kánọ́nì ní 1922. Ọdún 1922 yìí kan náà ló kọ àwọn orin ìsìn Yorùbá sínú àwo fún ilé-iṣẹ́ Zonophone ní London. Ó kú ní oṣù Kẹsàn-án, 1930. Orin Ẹ̀gbá tí a ń dìde dúró kọ níbi ayẹyẹ, òun náà ni wọ́n ń ka kíkọ rẹ̀ sí lọ́wọ́.

Israel Olúdọ̀tun ni ọmọ rẹ̀, a bí i ní 1891. Òun náà di àlùfáà, èyí tó túmọ̀ sí pé bí ìwé kan bá kàn sọ pé "Alùfáà Ransome-Kuti" láìsọ ọdún, ènìyàn méjì ló lè jẹ́. Òun ni ọ̀gá Grammar School ti Ìjẹ̀bú-Òde láti 1918 sí 1932, kó tó wá di ọ̀gá ti Abẹ́òkúta láti 1932 sí 1954. Kò yẹ kí olùkọ́ kankan máa béèrè ẹni tó jẹ́, nítorí òun ni ààrẹ àkọ́kọ́ fún ẹgbẹ́ àwọn olùkọ́ Nàìjíríà, N.U.T., tí a dá sílẹ̀ ní 1931. Ó kú ní 1955. Fúnmiláyọ̀ Thomas ló fẹ́ ní 1925, ọmọ ọkùnrin mẹ́ta tí gbogbo ayé mọ̀ ni wọ́n sì bí: Olíkóyè (1927–2003), Fẹlá (1938–1997) àti Beko (1940–2006).

Níbí ni ọ̀rọ̀ ti tún lọ́ sí i. Dókítà ìṣègùn ni Olíkóyè, dókítà ìṣègùn náà ni Beko. Olíkóyè jẹ́ Mínísítà Ètò Ìlera láti 1985 títí wọ inú àwọn ọdún 1990 lábẹ́ ìjọba ológun. Beko ní tirẹ̀ ń bá àwọn ológun jà nítorí ẹ̀tọ́ ọmọ ènìyàn àti ìjọba alágbádá. Wọ́n tì í mọ́lé ní 1992 nígbà tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ṣì wà nípò mínísítà nínú ìjọba kan náà, wọ́n sì tún rán an lọ sẹ́wọ̀n ní 1995, kò jáde títí di 1998. Nítorí náà, bí akẹ́kọ̀ọ́ bá kọ ọ́ pé "ní 1992, Dókítà Ransome-Kuti wà ní ọ́fíìsì ìjọba," òótọ́ ni. Bí ó bá kọ ọ́ pé "ní 1992, Dókítà Ransome-Kuti wà ní àtìmọ́lé ìjọba," òótọ́ náà ni. Bí ó bá wá kọ méjèèjì sínú ìpínrọ̀ kan ńkọ́? Ẹni tó ń máàkì yóò rò pé orí ọmọ náà dàrú, bẹ́ẹ̀ kò sí irọ́ kan nínú rẹ̀.

Bí orúkọ ẹnìkan ṣe di ti gbogbo wọn

Kí Townsend àti Crowther tó wọ Abẹ́òkúta ní 1846, wàhálà irú èyí kò pọ̀ láàrin wa. Orúkọ tí wọ́n sọ ọmọ ní ọjọ́ ìsọmọlórúkọ jẹ́ tirẹ̀. Bí ó bá ku ibi tí a ti fẹ́ mọ̀ ọ́n yàtọ̀, a ó ní òun ni ọmọ Lágbájá, ará agbo-ilé báyìí, àwọn ìyá àgbà a sì fi oríkì parí rẹ̀. Orúkọ bàbá kì í bọ́ sórí ọmọ bí ẹ̀wù tí gbogbo ilé jọ ń wọ̀. Ìwé orúkọ ilé-ẹ̀kọ́ àti ti ìrìbọmi ni ó fẹ́ kí orúkọ jẹ́ méjì, kí èkejì sì jẹ́ ti bàbá. Bí Kútì, tó jẹ́ orúkọ bàbá Josiah, ṣe di orúkọ ìdílé nìyẹn, tí ó ń ti ìran kan bọ́ sí èkejì títí di òní.

Orúkọ náà fúnra rẹ̀ yẹ kí a dúró tì díẹ̀, nítorí ó dára fún kíkọ́ ní kíláàsì. Ikú àti tì ló di Kútì. Fáwẹ̀lì ìbẹ̀rẹ̀ ti jẹ, gẹ́gẹ́ bí ó ti jẹ nínú Kúkọ̀yí, Kúmápàyí àti Kúforíjì. Ọ̀rọ̀-ìṣe tì inú rẹ̀ ni èyí tí a ń lò bí a bá ní ènìyàn ṣe nǹkan tì, ó gbìyànjú títí, apá rẹ̀ kò ká a. Ikú ni kò rí i ṣe. Irú orúkọ bẹ́ẹ̀ wọ́pọ̀ ní ilé tí ikú ti ń yọ àwọn òbí lẹ́nu. Ohun tó yà wá lẹ́nu ni pé nínú ìwé tí Carlos Moore kọ lórí Fẹlá, tó jáde ní 1982, Fẹlá fúnra rẹ̀ ní abíkú ni òun. Ó ní òun ti kọ́kọ́ wá sáyé rí, tí òyìnbó oníwàásù kan sì sọ òun ní Hildegart, pé orúkọ náà kò tẹ́ òun lọ́rùn, ni òun bá padà lọ, kí òun tó tún wá ní 1938. Ẹ jẹ́ kí a fi ti ìgbàgbọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ẹni tó ń jẹ́ Kútì, tí ó ń sọ pé òun kú nítorí orúkọ òyìnbó, ó mọ ohun tí orúkọ ilé rẹ̀ ń sọ.

Ransome kò ní ìtumọ̀ kankan lọ́dọ̀ wa. Orúkọ òyìnbó ìjọ kan ni a gbọ́ pé Josiah fi mọ́ tirẹ̀. Ní àárín àwọn ọdún 1970, Fẹlá yọ ọ́ kúrò, ó ní orúkọ ẹrú ni, ó sì fi Aníkúlápó dípò rẹ̀: ẹni tó ní ikú lápò. Ìyá rẹ̀ náà yọ ọ́, ó di Fúnmiláyọ̀ Aníkúlápó-Kútì kó tó kú ní oṣù Kẹrin, 1978, lẹ́yìn ohun tí ojú rẹ̀ rí nígbà tí àwọn ológun ya wọ ilé Fẹlá ní Èkó ní oṣù Kejì, 1977. Olíkóyè àti Beko kò yọ ọ́ ní tiwọn. Ẹ wò ó: ìyá kan, ọmọ mẹ́ta, bàbá kan náà, ìyá àti ọmọ kan ń jẹ́ Aníkúlápó-Kútì, ọmọ méjì ń jẹ́ Ransome-Kuti, bàbá sì ti lọ pẹ̀lú Ransome tirẹ̀.

Ṣùgbọ́n a kò gbọdọ̀ gbàgbé Líkóyè. Orúkọ bàbá Josiah, tí kò rí ibi dúró sí nínú ìwé orúkọ ilé-ẹ̀kọ́, ni wọ́n tún mú jáde ní 1927 tí wọ́n fi sọ àkọ́bí ọkùnrin Israel. Àṣà tiwa nìyẹn, a ń sọ ọmọ ní orúkọ àgbà tó ti lọ. Èyí túmọ̀ sí pé orúkọ ń tún jẹ ní ọ̀nà méjì nínú ìdílé kan náà, ọ̀nà ilé-ẹ̀kọ́ àti ọ̀nà ilé. Olúdọ̀tun náà wà lára orúkọ tí wọ́n sọ Fẹlá. Akẹ́kọ̀ọ́ tí kò bá mọ̀ bẹ́ẹ̀ yóò rí "Likoye Kuti" nínú ìwé kan, yóò rò pé Mínísítà ni.

Àwọn ìwé náà

Ẹni tó kọ́kọ́ kọ ìgbésí-ayé Josiah sínú ìwé kì í ṣe àlejò lọ́dọ̀ àwa olùkọ́ Yorùbá. Isaac Délànọ̀ ni, ọmọ Ẹ̀gbá láti Òkènlá lẹ́bàá Ifọ̀, ẹni tó kọ Aiyé d'Aiyé Òyìnbó (1955), tó kọ ìwé atúmọ̀ èdè ní 1958, tó sì kó òwe jọ sínú Òwe L'Ẹṣin Ọ̀rọ̀ (1966). Ẹ̀ẹ̀mejì ló kọ ìwé lórí bàbá yìí. Ti àkọ́kọ́ jáde ní London ní àwọn ọdún 1940, The Singing Minister of Nigeria ni ó pè é. Èkejì jáde ní Ìbàdàn ní 1968, Josiah Ransome-Kuti: The Drummer Boy Who Became a Canon. Nínú àkòrí kìíní, alùfáà tó ń kọrin ni. Nínú èkejì, ọmọ onílù tó di Kánọ́nì. Nígbà tí ti àkọ́kọ́ jáde, ọmọdé ni Fẹlá ṣì wà, kò tíì sí Ransome-Kuti olórin mìíràn tí a lè ṣì í mú fún. Ní 1968 Fẹlá ti ń fọn fèrè káàkiri Èkó, orúkọ Josiah gan-an ló sì ṣíwájú lára àkòrí. Bóyá ó ṣe é nítorí ìyẹn ni, bóyá kì í ṣe nítorí ìyẹn. Ó ràn wá lọ́wọ́ bẹ́ẹ̀ náà.

Ohun kan wà tó dùn wá. Délànọ̀ tó lè fi Yorùbá kọ ìtàn àròsọ, tó lè túmọ̀ ọ̀rọ̀ Yorùbá sí Yorùbá, Gẹ̀ẹ́sì ló fi kọ ìwé méjèèjì lórí ẹni tó lo gbogbo ayé rẹ̀ láti mú kí orin ìsìn bá ohùn Yorùbá mu. A mọ̀ pé àwọn tó ń tẹ ìwé nígbà náà ló mọ ọjà wọn, a kò dá a lẹ́bi. Ṣùgbọ́n ìdáhùn kan nìyẹn sí ìbéèrè màmá.

Aké tí Wọlé Ṣóyínká kọ ní 1981 yàtọ̀. Ìtàn ìgbà èwe ara rẹ̀ ni, ṣùgbọ́n ìdílé Kútì kún inú rẹ̀, nítorí Josiah ni bàbá ìyá ìyá rẹ̀. Nínú ìwé yìí, a kì í fi bẹ́ẹ̀ ṣi ẹnìkan mú fún ẹlòmíràn. Ìdí rẹ̀ ni pé ojú ọmọdé ló fi kọ ọ́, ọmọdé kì í sì í fi orúkọ inú ìwé pe àgbà. Israel ni Daodu, Fúnmiláyọ̀ ni Beere. Bàbá òǹkọ̀wé fúnra rẹ̀, S. A. Ṣóyínká, tó jẹ́ ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́ St. Peter's níbi tí Josiah ti ṣe olùkọ́ ní nǹkan bí ọgọ́ta ọdún ṣáájú, Essay ni orúkọ tirẹ̀, láti ara S. A. Orúkọ ilé ni gbogbo wọn, orúkọ tí a fi ń mọ ẹni tí a ń bá sọ̀rọ̀ láàrin ilé. Ìwé yìí ní ẹ̀dà Yorùbá: Akínwùmí Ìṣọ̀lá túmọ̀ rẹ̀, Aké: Ní Ìgbà Èwe ni ó pè é. A gba olùkọ́ nímọ̀ràn láti fi í sọ́wọ́ ọmọ kí ó tó di pé a ní kí ó kọ àròkọ nípa àwọn ará Abẹ́òkúta. Ṣùgbọ́n kí olùkọ́ náà sọ fún ọmọ pé Daodu àti ààrẹ àkọ́kọ́ fún N.U.T., ẹnìkan náà ni. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ọmọ yóò jáde kúrò nínú ìwé náà, yóò rò pé òun kò tíì pàdé Ransome-Kuti kankan.

Ní 1997 ni Cheryl Johnson-Odim àti Nina Mba gbé ìwé For Women and the Nation jáde lórí Fúnmiláyọ̀. Obìnrin ló ni ìwé náà, nítorí náà Israel di ọkọ níbẹ̀. Nínú ìwé Moore tí a ti mẹ́nu bà, Israel yìí kan náà ni bàbá tó ń fi pàṣán na Fẹlá. Ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́ tí ọmọdé ń fi ẹ̀rù àti ìfẹ́ wò ni nínú ìwé kan, ọkọ ni nínú èkejì, bàbá oníjàgídíjàgan ni nínú ẹ̀kẹta. A máa ń fi mẹ́ta yìí ṣe iṣẹ́ ní kíláàsì: kí akẹ́kọ̀ọ́ kọ ìpínrọ̀ kan lórí Israel bí ọmọ ọdún mẹ́wàá aládùúgbò ṣe rí i, kí ó kọ òmíràn bí aya rẹ̀ ṣe rí i, kí ó tún kọ òmíràn bí ọmọ rẹ̀ tó jẹ pàṣán ṣe rí i. Àbájáde rẹ̀ kò bà wá nínú jẹ́ rí. Lórí Fẹlá fúnra rẹ̀, ìwé pọ̀, ti Michael Veal (2000) àti ti Téjúmọ́lá Ọláníyan (2004) wà nínú wọn; iṣẹ́ ọ̀mọ̀wé ni wọ́n, wọn kì í ṣe fún ọmọ iléèwé, a kò sì ní dúró lórí wọn.

Olórúkọ kan náà tí kì í ṣe ẹbí

Kí ẹnikẹ́ni má rò pé ti ìdílé nìkan ni. Abẹ́òkúta ti ní ìṣòro yìí kí Kútì tó di orúkọ ńlá, àwọn Johnson ló sì dá a sílẹ̀. Àwọn tó ti Sàró dé ni wọ́n, àwọn òyìnbó ìjọ ló sì pín orúkọ náà fún àwọn òbí wọn bí ẹni ń pín àgbàdo. George William Johnson ló dá ìgbìmọ̀ ìṣèjọba Egba United Board of Management sílẹ̀ ní 1865, ó sì wà nínú ọ̀rọ̀ ìlú nígbà Ìfọ́lé ní 1867. James Johnson wá bójú tó ìjọ ní Abẹ́òkúta ní ìparí àwọn ọdún 1870, ó gbógun ti àwọn onígbàgbọ́ tó ní ẹrú, títí tí wọ́n fi gbé e kúrò ní 1880. Samuel Johnson, àlùfáà ní Ọ̀yọ́, ló kọ The History of the Yorubas. Ó kú ní 1901, àbúrò rẹ̀ Obadiah, oníṣègùn, ló tún un kọ lẹ́yìn tí èyí tó kọ sọnù, ìwé sì jáde ní 1921.

Samuel àti Obadiah nìkan ni ọmọ ìyá nínú wọn. Mélòó nínú wa ni a ti gbọ́ kí ọmọ kọ ọ́ pé Bíṣọ́ọ̀bù Johnson ló kọ ìtàn Yorùbá? Àwọn ará ìgbà náà kò jẹ́ kí ó dàrú mọ́ wọn lójú. Wọ́n fi ìnagijẹ yà wọ́n: "Holy" ni James, nítorí ìwà mímọ́ rẹ̀ tí kò gba gbẹ̀rẹ́, "Reversible" ni George William. Nígbà tí Ẹ̀mánúẹ́lì Ayándélé kọ ìgbésí-ayé James ní 1970, Holy Johnson ló fi ṣe àkòrí. Ẹ kíyèsí i pé George William fi Òṣòkẹ̀lẹ̀ Téjúmadé mọ́ orúkọ rẹ̀. Bí a bá ń pè é ní Téjúmadé nínú ìwé Yorùbá, ìṣòro parí.

Ti Fẹlá náà wà níbẹ̀. Fẹlá Ṣówándé (1905–1987), ọmọ Ẹ̀gbá tó ń tẹ dùùrù, tó kọ orin fún àwọn onírúurú ohun-èlò òyìnbó, kì í ṣe Fẹlá tó fọn fèrè. Ọ̀kan nínú wa ti rí i nínú ìwé ọmọ kan pé Fẹlá kọ orin ìjọ kó tó kọ orin ìjà. A kò mọ̀ bóyá Fẹlá Ṣówándé ló dàrú mọ́ ọ lójú tàbí Josiah.

Ó tàbí wọ́n

Èyí tó le jù ni ọ̀rọ̀ arọ́pò-orúkọ, òun sì ni Gẹ̀ẹ́sì kò lè bá wa yanjú. Òǹkàwé yóò ti rí i pé "ó" ni a ń lò fún gbogbo àwọn tí a dárúkọ láti òkè wá, yàtọ̀ sí màmá tí ń bá wa máàkì. Bí ìwé ìròyìn àti ìwé ẹ̀kọ́ ṣe ń ṣe é nìyẹn. Ṣùgbọ́n ọmọ tí a tọ́ ní ilé dáadáa, tí a ní kí ó kọ nípa Kánọ́nì ìlú rẹ̀, yóò kọ "wọ́n". A máa ń rí i, a kò sì gbọdọ̀ fa igi lé e. Wàhálà rẹ̀ ni pé tí àwọn àgbà bá ti ju ẹyọ kan lọ nínú ìtàn, wọ́n á gbé ara wọn mì. Ẹ gbọ́ irú gbólóhùn tí a ń bá pàdé:

Nígbà tí Alùfáà Kútì ti London dé, wọ́n kí wọn, wọ́n sì sọ fún wọn pé ọmọ wọn ti di ọ̀gá ní Ìjẹ̀bú-Òde.

Ta ló kí ta? Àwọn ará ìlú ló kí Josiah, ṣùgbọ́n gbólóhùn náà lè túmọ̀ sí pé Josiah ló kí àwọn ará ìlú, ó sì tún lè jẹ́ Israel ni Alùfáà Kútì tí a ń sọ. Kò sí ẹ̀kọ́ ìtàn kan tó lè tún èyí ṣe. Olùkọ́ èdè ló lè tún un ṣe, nípa kíkọ́ ọmọ láti dá orúkọ padà sí ipò arọ́pò-orúkọ nígbà tó bá yẹ: "Nígbà tí Kánọ́nì ti London dé, àwọn ará ìlú kí wọn, wọ́n sì fi tó bàbá létí pé Olúdọ̀tun ti di ọ̀gá ní Ìjẹ̀bú-Òde." Kánọ́nì, bàbá, Olúdọ̀tun: oyè, ipò nínú ẹbí, orúkọ àbísọ. Ọ̀nà mẹ́ta yìí wà nílẹ̀ kí ìwé orúkọ ilé-ẹ̀kọ́ tó dé. Kò sí ohun tó ní kí a máa sọ Ransome-Kuti, Ransome-Kuti títí ìpínrọ̀ yóò fi parí, àfi pé ìwé Gẹ̀ẹ́sì ń ṣe bẹ́ẹ̀.

Ọ̀nà kẹrin wà tí a kò fi gbogbo ara fẹ́, òun ni kí a máa fi ọmọ júwe bàbá. Bàbá Fẹlá dára fún Israel, gbogbo ilé ni a ti ń pe ènìyàn bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí Josiah náà bá di "bàbá-bàbá Fẹlá", bí àwọn ìwé ìròyìn ṣe máa ń kọ ọ́, ó dà bí ẹni pé bàbá ńlá kò ní iṣẹ́ mìíràn láyé ju kí ó bí ẹni tí yóò bí olórin lọ. Ẹni tí rẹ́kọ́ọ̀dù tirẹ̀ ti jáde ní ọdún 16 kí a tó bí ọmọ-ọmọ rẹ̀ kò yẹ ní irú àpèjúwe bẹ́ẹ̀.

Nípa máàkì, ìmọ̀ràn wa kò pọ̀. Bí ọmọ bá da ènìyàn méjì pọ̀, kí olùyẹ̀wò wo ibi tó ti ṣẹlẹ̀. Bí ó bá jẹ́ nítorí pé ó ka ohun tí kò yé e, kókó ọ̀rọ̀ ni kí ó ti pàdánù, kí ó má sì jù bẹ́ẹ̀ lọ. Bí ó bá jẹ́ nítorí pé kò ya Dókítà yìí sọ́tọ̀ kúrò lára Dókítà yẹn, tí a sì rí i pé ó mọ̀ pé méjì ni wọ́n, inú máàkì èdè ni kí a ti yọ ọ́, nítorí ibẹ̀ ni àléébù náà wà. Ní ti ẹni tó ń gbé ìbéèrè kalẹ̀, kí ó má kọ "Ransome-Kuti" sínú ìbéèrè láìfi orúkọ àbísọ kún un. Àwa náà ti jẹ̀bi èyí rí.

Ọmọ tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ gbogbo èyí gba máàkì tó pọ̀ lórí èdè, ó gba ìdá kan nínú mẹ́rin lórí kókó ọ̀rọ̀. Màmá ní ó kéré, àwa tó kù ní ó tó. Láti ìgbà náà ni a ti ń kọ ìtàn Josiah ní Yorùbá fún kíláàsì wa, ní ṣókí, fún àwọn ọmọ ọdún kẹta. Ibi tí a dé nísinsìnyí ni 1879, ọmọ ọdún 24 ni, ó ń di ẹrù rẹ̀ láti fi St. Peter's sílẹ̀ lọ sí Èkó. "Ó" ni a ń lò títí dé ibẹ̀. Àwọn kan nínú wa fẹ́ kí ó di "wọ́n" ní 1897, nígbà tó gba oyè àlùfáà. Àwọn kan ní kí a dúró di 1911, nígbà tí Aké bọ́ sí i lọ́wọ́. Ọ̀kan nínú wa, tó jẹ́ ọmọ Ìgbẹ̀in, kò fẹ́ "ó" rárá láti ojú-ewé kìíní, ó ní kò sí ìgbà kan tí òun lè pe bàbá náà ní "ó", ìbáà ṣe inú ọwọ́ ìyá rẹ̀ ló ṣì wà.